Géèmù ti kó lọ, ilé ò fẹ̀ sí i

“Ó ní òun ti kó géèmù náà kúrò. Bọ̀dá, ẹ fojú ara yín wò ó, pupa ṣì ni dísìkì náà, ó ṣì kún.”

Ohun tí ọmọbìnrin náà kọ́kọ́ sọ nìyẹn bó ṣe gbé láptọ́ọ̀pù ka orí tábìlì mi. Àárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun ni. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣí ṣọ́ọ̀bù ní Lagere níbí ni, mi ò tíì gbá iwájú rẹ̀ tán. Àbúrò rẹ̀ ọkùnrin dúró sẹ́yìn rẹ̀, kò wo ojú ẹnikẹ́ni, ó gbá háàdì kékeré kan mọ́ àyà bí ẹni tó ń gbé adìyẹ lọ sọ́jà.

Láptọ́ọ̀pù kan ṣoṣo ni ìyá wọn rà fún àwọn méjèèjì. Ẹ̀gbọ́n wà ní ọdún tó kẹ́yìn ní OAU, ó ń kọ pírójẹ́ẹ̀tì. Àbúrò ti ṣe JAMB, ó ń dúró de ilé ìwé, iṣẹ́ tó sì ń ṣe lójúmọ́ kò ju kó máa fi ọkọ̀ ọlọ́kọ̀ sáré kiri Los Santos, ìlú inú géèmù GTA V. Ní alẹ́ ọjọ́ Àìkú, Word kọ̀ láti tọ́jú orí kẹrin pírójẹ́ẹ̀tì náà, ó ní àyè ò sí nínú dísìkì mọ́. Ariwo sọ nínú ilé. Ìyá ní kí wọ́n pa gbogbo géèmù rẹ́ kíá. Ọmọkùnrin bẹ̀bẹ̀, ó ní òun á kó èyí tó tóbi jù sínú háàdì òun. Wọ́n fún un ní ọjọ́ kan. Ó kó o lóòótọ́. Ní alẹ́ ọjọ́ Ajé, nígbà tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ wo C, ìyẹn dísìkì inú láptọ́ọ̀pù náà, àyè 1.4 GB péré ló ṣẹ́ kù.

Ẹjọ́ tó wà níwájú mi nìyẹn: ẹrù tó ju 100 GB lọ ti jáde nínú ilé, ilé ò sì fẹ̀ sí i.

Mi ò tíì jókòó tí ìyá wọn fi pè. “Ọ̀gá kọ̀ǹpútà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má jẹ́ kí iṣẹ́ Yunifásítì Ifẹ̀ ọmọ mi bàjẹ́ o.” Láti 1987 ni wọ́n ti yí orúkọ ibẹ̀ padà sí Obafemi Awolowo University, àmọ́ ẹ lọ sọ ìyẹn fún àwọn ìyá wa.

Kí n tó fọwọ́ kan ohunkóhun, mo kọ́pì gbogbo fódà pírójẹ́ẹ̀tì náà sórí fúláàṣì ọmọbìnrin yìí, mo sì ní kó tún fi ránṣẹ́ sí ímeèlì ara rẹ̀. Mo ti rí ibi tí wọ́n ti ń tún géèmù ṣe tí ìwé àṣekágbá fi bá a lọ. Mo tún kọ́pì fódà kan tí ọ̀pọ̀ ọmọ kì í mọ̀ pé ó wà: nínú Documents, lábẹ́ Rockstar Games, GTA V, Profiles. Ibẹ̀ ni ibi tí ọmọ náà bá eré dé wà. Kò sí nínú fódà géèmù fúnra rẹ̀ rárá. Nígbà tí mo sọ ọ́ fún un, ojú rẹ̀ kọ́kọ́ gbé sókè.

“Bọ̀dá, tí àwọn yẹn bá ti wà, kò séwu.”

“Ewu wà. Jókòó.”

Ó wá bi mí léèrè kan tó ti wà lọ́kàn rẹ̀ tipẹ́. Wọ́n kọ 256 GB sára láptọ́ọ̀pù náà, Windows sì ń pè é ní 238. Ó gbà pé ẹni tó ta ẹ̀rọ fún wọn ti yọ díẹ̀ níbẹ̀. Kò sẹ́ni tó yọ nǹkan kan. Ẹni tó ṣe dísìkì ń fi bílíọ̀nù kan báìtì ṣe GB kan, Windows ń fi 1,024 lọ́nà 1,024 lọ́nà 1,024 ṣe tirẹ̀. Ìrẹsì kan náà ni, kóńgò ló yàtọ̀. Ìdí nìyẹn tí háàdì 500 tó gbá mọ́ra náà fi ń fi 465 hàn.

Mo wá wọ inú ibi tí Steam, áàpù tí wọ́n fi ń ra géèmù tí wọ́n sì fi ń ṣí i, ń kó nǹkan sí, fódà tí wọ́n ń pè ní steamapps. Nínú common, fódà Grand Theft Auto V ṣì wà, 49 GB. Nínú downloading, fódà kan wà tí orúkọ rẹ̀ jẹ́ 271590, ó lé díẹ̀ ní 60 GB. 271590 ni nọ́ńbà tí Steam fi mọ GTA V. Bí mo ṣe rí i ni mo ti mọ ibi tí ọ̀rọ̀ ń lọ, ṣùgbọ́n mo fẹ́ kó ti ẹnu ẹni tó ṣe é jáde.

“Kí lo ṣe gan-an? Má fi nǹkan pamọ́ fún mi.”

“Mo tẹ Cut, mo lọ sórí háàdì, mo tẹ Paste.”

“Ó parí?”

Ó dákẹ́. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló dáhùn, ohùn rẹ̀ ti rẹlẹ̀ díẹ̀ sí ti àkọ́kọ́: “Ó ti ju ìdajì lọ nígbà tí mo fẹ́ mú ṣájà mi lórí tábìlì. Ọwọ́ mi kọ́ wáyà yẹn.”

Háà. Èyí tó wá fẹjọ́ sùn náà ní ìpín nínú ẹjọ́.

Ẹ jẹ́ kí n dúró lórí Cut yìí díẹ̀, nítorí òun ló ń kó àwọn èèyàn wá sọ́dọ̀ mi jù. Láàárín fódà méjì nínú dísìkì kan náà, Cut ò gbé nǹkan kan, àdírẹ́sì ló yí padà. Àmọ́ láti dísìkì kan sí òmíràn, Windows á kọ fáìlì kan sí ibi tuntun, á pa ti àtijọ́ rẹ́, á tún mú òmíràn, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ títí. Bí wáyà bá yọ láàárín, apá kan ẹrù ti gúnlẹ̀ sílé tuntun, apá kan ṣì wà nílé àtijọ́, èèyàn ò sì lè sun nínú ọ̀kankan. 61 GB ti wà lórí háàdì, 49 kù nínú C. Ká ní Copy ló tẹ̀ ni, géèmù á ṣì wà lódindi níbi tó wà tẹ́lẹ̀, a ó kàn nu èyí tí kò parí dànù.

Ó yẹ kí 61 yẹn ti ṣí àyè sílẹ̀ nínú C, ó sì ṣí i fún nǹkan bíi wákàtí kan. Lẹ́yìn náà ni ọmọkùnrin ṣí Steam, ó tẹ Play, géèmù ò dìde. Ẹnì kan lórí fóònù sọ fún un pé kó ní kí Steam yẹ fáìlì wò. Ó ṣe bẹ́ẹ̀. Steam wo inú C, ó rí i pé 61 GB ti dàwátì, ó bẹ̀rẹ̀ sí í fà á láti orí íntánẹ́ẹ̀tì. Steam kì í sì í dúró kí dátà dé kó tó gba àyè. Ó máa ń kọ́kọ́ pààlà ilẹ̀ tó máa lò, bí ẹni tó ti gbé òkúta sí ibi tó fẹ́ kọ́lé sí kó tó rówó símẹ́ńtì. Bí C ṣe tún kún padà nìyẹn. Fóònù ìyá wọn ni ó fi ń fa dátà náà, 9 GB sì ti wọlé kí ó tó rí i pé eléyìí ò ní parí láéláé.

“Dátà Màámi?” Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ yíjú sí i. Mo díbọ́n pé mo ń wá síkúrúdiráfà.

Gbogbo èyí ṣẹlẹ̀ nítorí pé Steam kì í wá géèmù kiri. Fáìlì kékeré kan ló ń kà, tí wọ́n ń pè ní appmanifest_271590.acf nínú ọ̀ràn tiwa yìí. Kò tó ìwé ojú kan, àmọ́ òun ló sọ pé géèmù báyìí wà níbí, ó sì pé. Fódà ńlá ni ẹrù, fáìlì yìí ni akọ̀wé. Bí ẹrù bá ṣí lọ tí akọ̀wé ò gbọ́, akọ̀wé á ké olè. Ẹni tó bá fẹ́ kó géèmù lọ, ẹrù àti akọ̀wé ni kó jọ bá sọ̀rọ̀, kì í ṣe ẹrù nìkan.

Ẹlòmíràn á ní kí á pa gbogbo rẹ̀ rẹ́, kí á tún un gbà látìbẹ̀rẹ̀. Ìmọ̀ràn ẹni tí íntánẹ́ẹ̀tì rẹ̀ kì í ka iye nìyẹn. Owó dátà 110 GB ju owó iṣẹ́ tí mo máa gbà lọ ní ìlọ́po ìlọ́po, ìyá tó sì ti pàdánù 9 láìmọ̀ kò ní san án.

Mo dá gbígbà náà dúró, mo pa Steam. Pípa ni mo wí o. X tó wà lókè kì í pa á, á kàn sá lọ fara pamọ́ sápá ìsàlẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ aago. Ibẹ̀ ni kí ẹ bá a, kí ẹ tẹ Exit. Bí ẹ bá ń kó fáìlì nígbà tó ṣì wà láyé, ẹ̀yin méjèèjì ni ẹ ó jọ máa fa ẹrù kan náà.

Ó kan háàdì. Tòkunbọ̀ ni, ó sì ti ṣiṣẹ́ ju wákàtí 11,000 lọ gẹ́gẹ́ bí CrystalDiskInfo, áàpù tó ń yẹ ara dísìkì wò, ṣe kà á, àmọ́ ó ní ara rẹ̀ dá: Good, àwọ̀ búlúù, kò sí ibì kan tó bàjẹ́ lójú rẹ̀. Wáyà ni ò dára. Bí mo ṣe fọwọ́ kàn án báyìí ni háàdì ń lọ tó ń bọ̀. Mo mú wáyà mi fún un. Mo tún rí i pé ojú ihò dúdú ni ó ti ń ki í bọ̀, USB 2.0, tí kì í kọjá nǹkan bíi 30 MB láàárín ìṣẹ́jú-àáyá kan. Ihò búlúù wà lápá kejì, òun ni 3.0. Háàdì yìí fúnra rẹ̀ lè ṣe bíi 90 níbẹ̀. 49 GB tó kù á gba nǹkan bí ìdajì wákàtí lójú dúdú, ìṣẹ́jú mẹ́wàá lójú búlúù. NTFS, ọ̀kan nínú ọ̀nà tí Windows ń gbà to fáìlì sórí dísìkì, ni wọ́n fi ṣètò rẹ̀, ìyẹn náà dára. Ká ní FAT32 ni, bíi ti ọ̀pọ̀ fúláàṣì, fáìlì tó bá ti tó 4 GB kò ní wọlé rárá, Windows á sì máa sọ fún yín pé fáìlì ti tóbi jù nígbà tí ẹ̀ ń wo àyè tó ṣófo rẹrẹẹrẹ.

Mo ṣí Steam padà, mo wọ Settings, Storage, mo fi E kún un, ìyẹn háàdì náà. Steam fúnra rẹ̀ dá fódà SteamLibrary sílẹ̀ níbẹ̀. Mo tún pa á. Mo wá mú 61 GB tí ọmọ náà ti dà sílẹ̀ gbalaja lórí E, mo gbé e wọ inú SteamLibrary, steamapps, common. Ó lọ lẹ́ẹ̀kan náà.

“Ó ti tán?” Ọmọkùnrin dìde. “Bọ̀dá, wákàtí kan lèmi fi ṣe é!”

“Dísìkì kan náà ni. Àdírẹ́sì ni mo yí.”

Èyí tó kù nínú C ni mo fi robocopy kó. Àṣẹ tí wọ́n ń tẹ̀ sójú fèrèsé dúdú ni, ó ti wà nínú Windows, kò sí ohun tí ẹ máa rà. Orúkọ ibi tí nǹkan wà, orúkọ ibi tó ń lọ, kí ẹ fi /E àti /Z sí i lẹ́yìn. /E ní kó kó gbogbo fódà inú rẹ̀, /Z ní kó lè padà sórí fáìlì tó ń kó lọ́wọ́ bí nǹkan bá já a gbà. Ó sì ń fo èyí tó bá ti wà níbẹ̀ tó sì bára mu. Mo fẹ́ràn rẹ̀ ju Copy àti Paste lọ nítorí ìlú tí à ń gbé. Ifẹ̀ ni wọ́n ní ojúmọ́ ti ń mọ́ wá. Ojúmọ́ kì í sì í yẹ̀ níbí, iná ló ń yẹ̀.

Ó yẹ̀. Kò tíì ju ìṣẹ́jú mẹ́fà lọ. Bátìrì láptọ́ọ̀pù náà ti kú tipẹ́, nítorí náà ojú rẹ̀ ṣókùnkùn lójú ẹsẹ̀, ọmọkùnrin sì ká ọwọ́ lérí. Mo lọ tan jẹnẹrétọ̀, mo tan láptọ́ọ̀pù, mo tún tẹ àṣẹ kan náà láìyí nǹkan kan padà. Ó fo gbogbo èyí tó ti kó, ó bẹ̀rẹ̀ níbi tó kù. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀, tí kò sọ̀rọ̀ rere kan nípa kọ̀ǹpútà láti àárọ̀, ní: “Eléyìí mà gbọ́n o.”

Ibi tó kàn ni ọwọ́ mi máa ń wúwo sí. A ní láti sọ fún Steam pé géèmù ò sí nínú C mọ́, ọ̀nà tó sì mọ́ jù ni Uninstall. Bọ́tìnnì yẹn ò dùn ún tẹ̀ nígbà tí ẹni tó ni géèmù bá dúró sí èjìká ẹni. Mo mọ̀ pé ti C nìkan ló máa pa, síbẹ̀ mo yọ háàdì kúrò lára ẹ̀rọ kí n tó tẹ̀ ẹ́. Ẹ pè mí ní ojo. Ó pa 49 GB rẹ́ nínú C, ó sì pa 60 tó pààlà fún náà rẹ́. Mo ki háàdì bọ̀ ọ́ padà, mo tẹ Install, mo ní kó fi sí E.

Bí ẹni pé ó fẹ́ gbà á látìbẹ̀rẹ̀ ló ṣe. Kò gbà á. Ó rí i pé ẹrù ti wà nílẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í yẹ̀ ẹ́ wò lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó tó ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n, nítorí 110 GB ni háàdì náà ní láti kà tán. Láàárín ìyẹn, ọmọbìnrin ra àkàrà, a jẹ ẹ́. Nígbà tó parí, 1.7 GB péré ni Steam béèrè. Mo fi íntánẹ́ẹ̀tì ṣọ́ọ̀bù gbà á. GTA V dìde, ó bá ibi tí ọmọ náà ti fi eré sílẹ̀.

PES 2021, géèmù bọ́ọ̀lù, náà wà níbẹ̀, 40 GB, tirẹ̀ ò lẹ́jọ́. Settings, Storage, mo fi àmì sí i, mo tẹ Move, mo yan E. Steam kó ẹrù, ó bá akọ̀wé sọ̀rọ̀, ìṣẹ́jú mọ́kànlá.

“Ṣé bó ṣe rọrùn tó láti ìbẹ̀rẹ̀ nìyí?”

Mi ò dá a lóhùn.

Rocket League, géèmù tí wọ́n ti ń fi mọ́tò gbá bọ́ọ̀lù, tó wà lórí Epic, ilé ìtajà géèmù mìíràn bíi Steam, mo fi í sílẹ̀ nínú C. Àyè ti pọ̀ tó, òun sì ni wọ́n jọ ń gbá. Ọ̀nà kan wà tí mo ti fi kó ti Epic fún ẹlòmíràn rí: ẹ kọ́pì fódà rẹ̀ sápá kan, ẹ yọ géèmù kúrò, ẹ bẹ̀rẹ̀ sí í gbà á sí ibi tuntun, ẹ jẹ́ kó lọ díẹ̀, ẹ dá a dúró, ẹ pa Epic, ẹ da fódà tí ẹ tọ́jú lé e lórí, kí ẹ wá ní kó máa lọ. Yóò yẹ̀ ẹ́ wò, kò ní gba èyí tó wà. Ti ilé ìtajà Windows ní tiẹ̀, nínú Settings, níbi tí orúkọ áàpù wà, ni ẹ ó ti rí Move. Ẹ má fọwọ́ fa nǹkan kan nínú fódà WindowsApps. Windows ti tì í, àwọn tó já àgádágodo náà ló ń padà wá bá mi.

151 GB ló ṣófo nínú C nígbà tí wọ́n kúrò lọ́dọ̀ mi. Mo kìlọ̀ fún ọmọkùnrin pé géèmù náà á máa pẹ́ kó tó ṣí ju ti tẹ́lẹ̀ lọ, nítorí inú SSD, dísìkì tí kò ní ohun tó ń yí, ló wà tẹ́lẹ̀, háàdì tó ń yí ló wà báyìí. Ó pè mí lọ́jọ́ kejì pé òótọ́ ni. Mo ní kó má da gbogbo rẹ̀ lé háàdì lórí. Ní 2021, ẹnì kan tó kàn ń fi ọwọ́ ara rẹ̀ tú GTA Online, apá GTA V tí wọ́n ń gbá lórí íntánẹ́ẹ̀tì, wò rí i pé ọ̀nà burúkú tí géèmù náà gbà ń ka fáìlì kan ló ń jẹ ìṣẹ́jú jù. Rockstar, àwọn tó ṣe géèmù náà, tún un ṣe, wọ́n sì fún ẹni náà ní 10,000 dọ́là. Ọmọ náà ní ṣé wọ́n ṣì ń fún èèyàn. Mo ní kó lọ kàwé.

Ọ̀sẹ̀ méjì lẹ́yìn náà, ó dé pẹ̀lú ìpayà: GTA àti PES ti pòórá nínú Steam. Háàdì wà lára ẹ̀rọ, fódà wà nínú háàdì, Steam ní òun ò rí nǹkan kan. Ẹ̀bi mi ni èyí, mo sì sọ ọ́ fún un. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló kọ́kọ́ ki fúláàṣì pírójẹ́ẹ̀tì bọ̀ ọ́, fúláàṣì gba lẹ́tà E, háàdì dé lẹ́yìn, ó di F. Inú E ni Steam sì ń wá géèmù, ó ń wá GTA V láàárín orí kẹrin àti ìwé ìtọ́kasí. Ó yẹ kí n ti ṣe é ní ọjọ́ àkọ́kọ́: mo wọ Disk Management, ibi tí Windows ti ń ṣètò dísìkì, mo fún háàdì ní lẹ́tà S, èyí tó jìnnà sí ibi tí fúláàṣì ń já lé. Mo padà sí Storage nínú Steam, mo fi S kún un, géèmù méjèèjì jáde. Kò tó ìṣẹ́jú márùn-ún, mi ò sì gba kọ́bọ̀.

Ọmọbìnrin ti fi pírójẹ́ẹ̀tì sílẹ̀ fún olùkọ́ rẹ̀ báyìí. Òun ló san owó iṣẹ́ ọjọ́ àkọ́kọ́, látinú fóònù rẹ̀, lójú ẹsẹ̀. Owó wáyà ni àbúrò rẹ̀ ní òun máa mú wá lọ́jọ́ Sátidé. Wáyà náà ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀.